ARA ÈNÌYÀN ÀTI GBÈSÈ

Nínú gbogbo àṣà tí àwọn òyìnbó bá ní ilẹ̀ Yorùbá, kò sí èyí tí ó rú wọn lójú tó ìwọ̀fà. Wọ́n rí ọkùnrin tí ń kọ ebè ní oko ẹlòmíràn láìgba owó ọ̀yà, wọ́n sì kọ ọ́ sínú ìwé wọn pé ẹrú ni. Ìwọ̀fà kì í ṣe ẹrú. Ìyàtọ̀ tí ó wà láàárín àwọn méjèèjì ni mo fẹ́ fi ṣe ìpìlẹ̀ ọ̀rọ̀ mi nínú ìwé yìí, nítorí mo gbà pé àwọn baba wa rí ohun kan nínú ọ̀ràn náà tí àwọn adájọ́ London àti ti Amẹ́ríkà ń wá kiri títí di òní. Kí ni a lè gbà lọ́wọ́ ènìyàn nítorí owó, kí ni a kò sì gbọdọ̀ fi ọwọ́ kàn? A ha lè ní ara ẹlòmíràn bí a ti ń ní ewúrẹ́ àti ilẹ̀? Ènìyàn tìkára rẹ̀ ńkọ́: òun ha ni ara rẹ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí ó fi lè tà á?

Àlùfáà Samuel Johnson fi ara balẹ̀ ṣe àlàyé ìwọ̀fà nínú ìwé ìtàn rẹ̀. Ó parí ìwé náà ní ọdún 1897, ṣùgbọ́n ó sọnù ní ọwọ́ àwọn tí ìbá tẹ̀ ẹ́ ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, a kò sì rí àtúnkọ rẹ̀ tẹ̀ jáde títí di ọdún 1921, nígbà tí ẹni tí ó kọ ọ́ ti kú ní ogún ọdún ṣáájú. Gẹ́gẹ́ bí òfin àtijọ́, ẹni tí ó bá fẹ́ yá owó yóò wá onígbọ̀wọ́, a ó sì ka owó náà sílẹ̀ ní ojú ẹlẹ́rìí. Dípò èlé, ẹni tí ó yá owó, tàbí ẹnìkan nínú ìdílé rẹ̀, yóò máa ṣiṣẹ́ fún olówó. Iṣẹ́ náà ní ìwọ̀n. Ọgọ́rùn-ún ebè ni ìwọ̀n tí tàgbà tèwe mọ̀, tàbí iṣẹ́ láti òwúrọ̀ títí di ọ̀sán. Lẹ́yìn èyí ìwọ̀fà a gbé ọkọ́ rẹ̀ lé èjìká, a sì kọrí sí oko tirẹ̀. Ilé tirẹ̀ ni ó ń sùn. Ó lè gbé ìyàwó, ó sì ní ẹnu ọ̀rọ̀ ní àárín ìdílé rẹ̀ bí ọmọ bíbí inú ilé. Bí ó bá ṣe ọ̀lẹ, olówó kò gbọdọ̀ nà án bí ẹni na ẹrú. Onígbọ̀wọ́ ni yóò ránṣẹ́ pè. Bí ó bá kú, gbèsè kò kú, ẹlòmíràn ni yóò rọ́pò rẹ̀ tàbí kí a wá owó náà san. Ṣùgbọ́n àwọn ará ilé rẹ̀ ni yóò sin ín. Ọjọ́ tí a bá sì san owó náà pé, ìbá à ṣe lẹ́yìn oṣù mẹ́ta, ìbá à ṣe lẹ́yìn ogún ọdún, ni iṣẹ́ tán.

Ẹ kíyè sí ohun tí òfin yìí ṣe. Olówó ní agbára apá ènìyàn fún àkókò tí a ti fi ẹnu kò sí. Kò ní apá náà. Àwọn tí ó ti kàwé òfin ní ilé ẹ̀kọ́ gíga yóò mọ̀ pé ìyàtọ̀ yìí kò rọrùn láti fà, àti pé àwọn orílẹ̀-èdè tí ó ní ìwé òfin tí ó kún ilé kò rí i fà ní ìgbà púpọ̀.

Èmi kò sọ èyí láti fi oyin bo ohun kíkorò. Ẹni tí ó yá owó kọ́ ni ó sábà máa ń ro oko. Ọmọ rẹ̀ ni, tàbí àbúrò rẹ̀, tí a kò bi léèrè. Fífi ọmọ sọfà mú ọ̀pọ̀ ọmọdé kúrò lọ́dọ̀ ìyá wọn, nítorí ìwọ̀fà ọmọdé kì í padà sùn ní ilé bí àgbàlagbà, inú ilé olówó ni ó ń gbé. Nípa ọmọbìnrin, òfin le: olówó tí ó bá bà á jẹ́ ti pàdánù owó rẹ̀. Ṣùgbọ́n ta ni yóò jẹ́rìí fún ọmọ ọdún méjìlá nínú agbo ilé ọlọ́lá? Nígbà tí ogun gba ilẹ̀ kan ní ọ̀rúndún tí ó kọjá sẹ́yìn ìyẹn tí a bí wa sí, ọ̀pọ̀ ènìyàn fi ara wọn tàbí ọmọ wọn sọfà kí wọ́n tó lè rí owó ra ìbátan wọn tí a kó lẹ́rú padà. Ẹni tí ó bá ka orí karùn-ún ìwé Nehemáyà yóò rí irú ọ̀ràn kan náà ní Jerúsálẹ́mù, àwọn Júù tí wọ́n fi ọmọkùnrin àti ọmọbìnrin wọn dúró fún ọkà àti fún owó orí ọba, yóò sì rí ìbínú Nehemáyà sí i. Ní ayé ìjọba amúnisìn, nígbà tí koko àti owó orí tún mú kí àwọn ènìyàn máa yá owó, ìwọ̀fà pọ̀ sí i fún ìgbà díẹ̀ kí òfin ìjọba tó fi òpin sí i.

Bákan náà ni ọ̀nà tí a ń gbà sin gbèsè. Ọ̀kan nínú wọn fẹ́rẹ̀ẹ́ pa ni lẹ́rìn-ín. Olówó a rán ológò lọ sí ilé onígbèsè. Ológò a wọlé, a jókòó, a máa pariwo, a máa bú tọmọdé tàgbà, a pa adìẹ tí ó bá kọjá níwájú rẹ̀, a sì ní kí a sè é fún òun, títí gbogbo agbo ilé yóò fi dá owó jọ kí wọ́n lè rí oorun sùn. Adìẹ ni ó ń mú. Onígbèsè fúnra rẹ̀ wà ní òmìnira. Ọ̀nà kejì burú ju èyí lọ, òun ni ẹ̀mú: olówó a dènà de ẹnikẹ́ni tí ó bá ti ìlú onígbèsè wá, a sì mú un pamọ́, bí ẹni náà kò tilẹ̀ mọ ohun kan nípa gbèsè náà. Níhìn-ín ni òdiwọ̀n tí ìwọ̀fà fi lélẹ̀ ti ṣẹ́. Ara ènìyàn di ohun tí a lè fà lọ, ẹni tí a bá sì fà lọ ní àkókò ogun kò sábà padà wálé.

Nípa ẹrú fúnra rẹ̀, ẹ jẹ́ kí a gbọ́ láti ẹnu ẹni tí ó ṣe é. Ní ọdún 1821 ni ogun kó Òṣogùn, tí a sì fi okùn sí ọrùn Àjàyí ọmọdé pẹ̀lú ìyá rẹ̀ àti àwọn arábìnrin rẹ̀. Nínú lẹ́tà tí ó kọ ní ọdún 1837, nígbà tí ó ti ń jẹ́ Samuel Crowther, ó ka àwọn tí ó ni ín ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ní Ìṣẹ́yìn a fi í pààrọ̀ ẹṣin. Lẹ́yìn nǹkan bí oṣù méjì a dá ẹṣin náà padà, a sì dá ọmọ náà padà pẹ̀lú. A tún tà á fún obìnrin Mùsùlùmí kan. Ẹ̀rù pé obìnrin náà yóò tà á fún àwọn Potogí bà á tó bẹ́ẹ̀ tí ó fi gbìyànjú lóru láti fi ọ̀já ìbàdí rẹ̀ fún ara rẹ̀ lọ́rùn pa. A tún tà á, ní ìgbà yìí fún tábà àti ọtí ráàmù àti àwọn nǹkan mìíràn, títí ó fi dé Èkó, tí a sì kó o sínú ọkọ̀ ní oṣù April 1822. Ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì tí ń jẹ́ Myrmidon ni ó gbà wọ́n.

Ohun kan wà nínú lẹ́tà náà tí àwọn olùkọ́ kì í sábà kọ́ àwọn ọmọ. Nígbà tí a gbé Àjàyí àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ sínú ọkọ̀ ogun náà, wọ́n rí ẹran tí a fi kọ́, wọ́n sì rí ọta àgbá tí a tò jọ síhìn-ín sọ́hùn-ún. Wọ́n rò pé ẹran ara ènìyàn ni èyí tí a fi kọ́, wọ́n sì rò pé orí ènìyàn ni àwọn ọta náà. Wọ́n ní láti sún mọ́ ọn, kí wọ́n sì rí pátákò ẹlẹ́dẹ̀ lẹ́sẹ̀ ẹran náà, kí ọkàn wọn tó balẹ̀. Àwọn kan a máa fi ìtàn yìí rẹ́rìn-ín. Èmi kò rí ẹ̀rín nínú rẹ̀. Ọmọdé tí a ti fi díwọ̀n ẹṣin, tí a sì ti fi díwọ̀n tábà, kò ṣìnà bí ó bá rò pé a lè fi òun díwọ̀n ẹran pẹ̀lú. Ọjà ni ó kọ́ ọ bẹ́ẹ̀.

Kí a má sì rò pé nígbà tí ìjọ dé ni ọ̀ràn náà parí. Láàárín àwọn míṣọ́nnárì a jiyàn pẹ́ lórí ìbéèrè bóyá ọmọ ìjọ lè ní ẹrú, àti bóyá ó lè ní ìwọ̀fà. Ní nǹkan bí ọdún 1879 Church Missionary Society fi òfin dè é pé àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ kò gbọdọ̀ ní ẹrú mọ́. Àlùfáà James Johnson, ẹni tí ó ń ṣe alábòójútó ìjọ ní Abẹ́òkúta nígbà náà, fi gbogbo agbára rẹ̀ lé òfin náà. Àwọn ọmọ ìjọ bínú sí i, àwọn ìjòyè bínú sí i, nígbà tí ó sì di ọdún 1880 a ti gbé e kúrò níbẹ̀ padà sí Èkó. Mo rò pé ó ṣe rere nípa ẹrú. Òwe wa ti wà nílẹ̀ kí ó tó dé: ẹrú kú, ìyá rẹ̀ kò gbọ́, ọmọ kú, ariwo ta, ẹrú náà sì ti ṣe ọmọ rí ní ilé ìyá rẹ̀. Àwọn tí ń pa òwe yìí ní àárọ̀ ni wọ́n ń lọ sí ọjà ẹrú ní ọ̀sán.

Ẹ jẹ́ kí a kọjá sí ọ̀dọ̀ àwọn Gẹ̀ẹ́sì, nítorí òfin wọn ni ó wá di tiwa ní apá púpọ̀. Ní ọdún 1772 Lord Mansfield tú James Somerset sílẹ̀, ọkùnrin dúdú tí olówó rẹ̀ ti fi ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ dè mọ́ inú ọkọ̀ láti gbé e lọ tà ní Jàmáíkà. Gbogbo wa ni a mọ ìtàn yẹn. Èyí tí a kò mọ̀ tó bẹ́ẹ̀ ni ohun tí òfin kan náà wí nípa òkú.

Ní ọdún 1614 a mú ọkùnrin kan tí ń jẹ́ Haynes, ẹni tí ó hú sàréè mẹ́rin kan, tí ó sì jí aṣọ tí a fi wé àwọn òkú. Àwọn adájọ́ wí pé ó jalè, nítorí aṣọ náà ṣì jẹ́ ti àwọn tí ó fi wé òkú. Òkú kò lè ní ohun ìní. Sir Edward Coke, àgbà nínú àwọn amòfin, sì kọ ọ́ pé òkú tí a sin kì í ṣe ohun ìní ẹnikẹ́ni, ọwọ́ ilé ẹjọ́ ìjọ ni ọ̀ràn rẹ̀ wà. Ó dára bẹ́ẹ̀, bí a bá wò ó láti òkèèrè. Ṣùgbọ́n ohun tí kò ní olówó, ta ni a jà lólè bí a bá gbé e lọ? Nígbà tí ilé ẹ̀kọ́ ìṣègùn pọ̀ ní London àti ní Edinburgh, tí òkú àwọn apànìyàn tí òfin ọdún 1752 fi fún àwọn dókítà láti là wò kò sì tó, àwọn kan fi òkú jíjí ṣe iṣẹ́. Wọn a lọ sí àgbàlá ṣọ́ọ̀ṣì lóru, wọn a fa òkú jáde kúrò nínú pósí, wọn a bọ́ aṣọ ìsìnkú kúrò lára rẹ̀, wọn a sì fi ìṣọ́ra ju aṣọ náà padà sínú sàréè. Wọ́n mọ òfin. Aṣọ ní olówó; ẹni tí ó wà nínú rẹ̀ kò ní. Ní ọdún 1788 ilé ẹjọ́ wí pé ẹ̀ṣẹ̀ ni jíjí òkú, nítorí pé ó lòdì sí ìwà ọmọlúwàbí, ṣùgbọ́n a kò lè pè é ní olè, ìyà rẹ̀ sì fúyẹ́ ní ẹ̀gbẹ́ èrè tí ó wà nínú òwò náà.

Ní oṣù November 1827, ọkùnrin arúgbó kan tí ó ti ṣe ọmọ ogun rí kú nínú ilé tí ó wọ̀ sí ní West Port, Edinburgh. Ó jẹ onílé rẹ̀, William Hare, ní gbèsè pọ́ùn mẹ́rin owó ilé. Hare àti ọ̀rẹ́ rẹ̀ William Burke kó èèpo igi sínú pósí láti fi ṣe ìwúwo, wọ́n sì ru òkú náà lọ sí ilé ẹ̀kọ́ Dókítà Robert Knox, tí ó fún wọn ní pọ́ùn méje àti ṣílè mẹ́wàá. A san gbèsè tán, èrè kù. Nígbà tí wọ́n ti rí i pé òkú kan ní iye tó bẹ́ẹ̀, wọn kò ní sùúrù láti dúró de ikú mọ́. Kí ọdún 1828 tó parí wọ́n ti pa ènìyàn mẹ́rìndínlógún, púpọ̀ nínú wọn tálákà àti àlejò tí ẹnikẹ́ni kì yóò tètè wá. A so Burke rọ̀ ní ọjọ́ 28 January 1829, a sì la òun náà wò ní gbangba. Egungun rẹ̀ wà ní Yunifásítì Edinburgh títí di òní. Hare jẹ́rìí mọ́ ọ̀rẹ́ rẹ̀, a sì dá a sílẹ̀. Knox kò fi ojú kan ilé ẹjọ́.

Ohun tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ṣe láti fi òpin sí ọ̀ràn náà yẹ kí a ronú lé. Òfin ọdún 1832 fi àyè gba ẹni tí òkú bá wà ní ìkáwọ́ rẹ̀ láti fi í fún ilé ẹ̀kọ́ ìṣègùn, bí ìbátan kan kò bá wá béèrè rẹ̀. Ní ìkáwọ́ ta ni irú òkú bẹ́ẹ̀ sábà máa ń wà? Ní ìkáwọ́ àwọn alábòójútó ilé àwọn òtòṣì. Bí ènìyàn bá kú ní ilé òtòṣì láìní owó ìsìnkú, òun ni àwọn akẹ́kọ̀ọ́ yóò là. Òwò òkú lóru dópin ní tòótọ́. Ìyà tí a ti ń fi jẹ apànìyàn láti ọdún 1752 ni a gbé kúrò lórí apànìyàn, tí a sì gbé lé orí aláìní. Èmi kò lè pe èyí ní ìlọsíwájú, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé àwọn dókítà tí ó kọ́ iṣẹ́ lára àwọn òkú wọ̀nyẹn wo ọ̀pọ̀ ènìyàn sàn.

Nípa gbèsè àti òkú, àwọn adájọ́ Gẹ̀ẹ́sì dúró ṣinṣin jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ìgbàgbọ́ kan ti wà láàárín àwọn ènìyàn pé olówó lè mú òkú onígbèsè, kí ó sì dá ìsìnkú dúró. Ní ọdún 1804 Lord Ellenborough kọ̀ ọ́ pátápátá. Ní ọdún 1841, onítúbú kan tí onígbèsè kú sí ọwọ́ rẹ̀ wí pé òun kì yóò yọ̀ǹda òkú títí a ó fi san owó tí òkú náà jẹ òun. Ilé ẹjọ́ pàṣẹ fún un pé kí ó gbé òkú sílẹ̀ fún àwọn tí olóògbé yàn sí orí ogún rẹ̀. Ó yẹ kí ìdájọ́ yìí di mímọ̀ ní àárín wa. Mo ti bá ìdílé kan dúró ní àgbàlá ilé ìwòsàn kan, láti òwúrọ̀ títí ilẹ̀ fi ṣú, nítorí a kò fẹ́ yọ̀ǹda òkú ìyá wọn títí wọn yóò fi san ohun tí ó kù nínú owó ìtọ́jú. A ti wa sàréè sílẹ̀. Akọ̀wé tí ó jókòó sí ojú fèrèsé kò sọ ọ̀rọ̀kọ́rọ̀ kankan sí wa. Ó kàn ń sọ pé òfin ilé ni. Bẹ́ẹ̀ ni a ṣe fi òkú sọfà, èyí tí ìwọ̀fà àtijọ́ kò ṣe rí.

Mo dé ibi tí ọ̀ràn náà ti yí padà ní ayé tiwa. Ní oṣù February 1951 obìnrin dúdú kan tí ń jẹ́ Henrietta Lacks lọ sí ilé ìwòsàn Johns Hopkins ní Baltimore nítorí àrùn jẹjẹrẹ. Ó jẹ́ ìran àwọn ẹrú tí ó ṣiṣẹ́ ní oko tábà ní Virginia, inú ilé tí àwọn ẹrú ti gbé rí ni a sì ti tọ́ ọ dàgbà. Àwọn dókítà bù díẹ̀ nínú ẹran-ara rẹ̀ láìsọ fún un, wọ́n sì fi fún Dókítà George Gey, ẹni tí ó ti ń wá ọ̀nà fún ọdún púpọ̀ láti mú kí sẹ́ẹ̀lì ara ènìyàn máa dàgbà nínú ìgò. Ti àwọn yòókù kú. Tirẹ̀ kò kú, ó ń pọ̀ sí i lójoojúmọ́. Obìnrin náà kú ní ọjọ́ 4 October 1951, ní ọmọ ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n, ó fi ọmọ márùn-ún sílẹ̀, a sì sin ín sí sàréè tí kò ní òkúta àmì. Sẹ́ẹ̀lì rẹ̀, tí a sọ ní HeLa, ni a fi dán abẹ́rẹ́ àjẹsára àrùn rọparọsẹ̀ wò. A gbé e kárí ayé. Àwọn ilé iṣẹ́ fi í ṣòwò. Ìdílé rẹ̀ kò mọ̀ títí di ìgbà tí ó lé ní ogún ọdún. Ní oṣù August 2023 ni ilé iṣẹ́ ńlá kan nínú àwọn tí ń tà á, Thermo Fisher, tó bá àwọn tí ó jogún rẹ̀ parí ẹjọ́, a kò sì fi àdéhùn náà hàn fún aráyé.

Ọkùnrin mìíràn, John Moore, gbé ọ̀ràn tirẹ̀ dé ilé ẹjọ́ gíga jùlọ ní California. Ní ọdún 1976 a yọ ẹ̀yà kan kúrò nínú ikùn rẹ̀ nítorí àrùn jẹjẹrẹ inú ẹ̀jẹ̀. Dókítà rẹ̀ fi sẹ́ẹ̀lì rẹ̀ ṣe ohun tuntun, ó ń pè é padà fún ọdún púpọ̀ láti gba ẹ̀jẹ̀ àti àwọn nǹkan mìíràn lára rẹ̀ láìsọ ìdí fún un, ní ọdún 1984 a sì gba ìwé àṣẹ ìjọba lé sẹ́ẹ̀lì náà lórí. Ní ọdún 1990 ilé ẹjọ́ dáhùn pé dókítà jẹ̀bi nítorí kò sọ òtítọ́ fún aláìsàn rẹ̀, ṣùgbọ́n sẹ́ẹ̀lì náà kì í ṣe ohun ìní Moore mọ́ lẹ́yìn tí ó kúrò lára rẹ̀. Ẹ wo bí ó ti rí: dókítà lè ní in, yunifásítì lè ní in, oníṣòwò lè ní in; ẹnìkan ṣoṣo tí kò lè ní in ni ẹni tí a ti gé e lára rẹ̀. Àwọn adájọ́ ní ìdí. Wọ́n bẹ̀rù pé bí olúkúlùkù bá lè fi ẹran-ara rẹ̀ nájà, ìwádìí ìṣègùn yóò dúró. Ó jọ pé iṣẹ́ ọwọ́ ni wọ́n kà sí ohun ìní, kì í ṣe ara. Bẹ́ẹ̀ náà ni ilé ẹjọ́ Australia ti wí ní ọdún 1908, tí ilé ẹjọ́ London sì tẹ̀ lé e ní ọdún 1998 nípa ẹ̀yà òkú tí a jí kúrò ní Royal College of Surgeons: òkú kì í ṣe ohun ìní, ṣùgbọ́n bí ẹnìkan bá fi ọgbọ́n àti iṣẹ́ rẹ̀ sí i lára, ó lè di ohun ìní. Ẹni tí ó bá ti òkè yìí bọ̀ lórí ìwọ̀fà yóò rí i pé òdìkejì rẹ̀ nìyí. Ìwọ̀fà fi iṣẹ́ rẹ̀ sílẹ̀, ó pa ara rẹ̀ mọ́. Níhìn-ín, ẹlòmíràn fi iṣẹ́ rẹ̀ lé ara mi, ara mi sì bọ́ kúrò lọ́wọ́ mi.

A lè sọ pé sẹ́ẹ̀lì kéré, ojú kò rí i, kí ni ariwo wà fún? Àwọn baba wa kò ní fi ara mọ́ èyí. Bí ẹnìkan bá kú sí ìrìn àjò, tí a kò lè gbé òkú rẹ̀ wálé, wọn a gé díẹ̀ nínú irun rẹ̀ àti èékánná rẹ̀, wọn a sì gbé e wá sí ilé, kí a fi ṣe ìsìnkú rẹ̀ ní pípé. Díẹ̀ náà ni ẹni náà. Àwọn òbí ní Liverpool mọ èyí láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni kọ́ wọn, nígbà tí ó hàn sí gbangba ní ọdún 1999 pé ilé ìwòsàn ọmọdé ní Alder Hey ti tọ́jú ọkàn àti ọpọlọ àti ẹ̀yà ara mìíràn àwọn ọmọ wọn tí ó kú, láìbi wọ́n. Àwọn kan sin ọmọ kan náà lẹ́ẹ̀mejì, àwọn mìíràn ju bẹ́ẹ̀ lọ, bí a ti ń dá ẹ̀yà rẹ̀ padà fún wọn díẹ̀díẹ̀. Láti inú ọ̀ràn yìí ni òfin Gẹ̀ẹ́sì ti ọdún 2004 ti jáde, tí ó fi ìyọ̀ǹda ṣe ìpìlẹ̀ ohun gbogbo.

Ilẹ̀ tiwa náà ní òfin. National Health Act ti ọdún 2014 wí pé a kò gbọdọ̀ gba ẹ̀yà tàbí ẹ̀jẹ̀ lára alààyè bí kò bá mọ ohun tí a fẹ́ ṣe, kí ó sì fi ọwọ́ sí i. Ó sì sọ ọ́ di ẹ̀ṣẹ̀ láti tà á tàbí láti rà á. Òfin náà dára. Ẹ̀wẹ̀, ẹni tí ó bá ti bá aláìsàn wá ẹ̀jẹ̀ ní ìlú ńlá kò ṣe àìmọ̀ pé àwọn ọ̀dọ́mọkùnrin wà tí ń fi ẹ̀jẹ̀ wọn gba owó oúnjẹ.

Ní ọdún 2022 a mú ọ̀dọ́mọkùnrin kan láti Èkó, ẹni tí ń ta àwọn nǹkan kéékèèké ti fóònù ní òpópó, lọ sí London. Sẹ́nétọ̀ ilẹ̀ Nàìjíríà kan àti ìyàwó rẹ̀, pẹ̀lú dókítà kan, ni wọ́n ṣe ètò náà, kí a lè gba kíndìnrín ọ̀dọ́mọkùnrin náà fún ọmọbìnrin wọn tí ń ṣàìsàn. Mo káàánú òbí tí ọmọ rẹ̀ ń kú lọ. Ṣùgbọ́n a ti dá owó lé kíndìnrín náà, a sì wí fún ilé ìwòsàn pé ìbátan ọmọbìnrin náà ni ọ̀dọ́mọkùnrin náà. Àwọn dókítà ilé ìwòsàn náà bi í léèrè ọ̀rọ̀, wọ́n rí i pé kò yé e tó, wọ́n sì kọ̀. Ní oṣù March 2023 ni Old Bailey dá àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta lẹ́bi. Òfin tí a fi dá wọn lẹ́bi kì í ṣe òfin ìṣègùn. Òfin ọdún 2015 lòdì sí ẹrú ti ayé ìsinsìnyí ni, ìgbà àkọ́kọ́ sì ni èyí tí a fi í dá ẹnikẹ́ni lẹ́bi nítorí ẹ̀yà ara. Adájọ́ náà, ẹni tí ń jẹ́ Johnson pẹ̀lú, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé kò bá àwọn Johnson wa méjèèjì tan, kà á sí ẹrú, nítorí pé ó sọ ara ènìyàn di ọjà.

Àwọn agbẹjọ́rò lè jiyàn pé ọ̀dọ́mọkùnrin náà gbà láti wá, àti pé owó wà níbẹ̀ fún un. Ìwọ̀fà náà gbà, owó sì wà níbẹ̀. Ṣùgbọ́n owó ìwọ̀fà ṣeé san padà, bí a bá sì san án tán ebè dópin. Nígbà tí ilé ìwòsàn London kọ̀, a bẹ̀rẹ̀ sí wá ọ̀nà láti ṣe é ní Tọ́kì. Ọ̀dọ́mọkùnrin náà gbọ́, ó sá kúrò nínú ilé, ó sùn ní ìta fún ọjọ́ mélòó kan, ó sì rìn wọ àgọ́ ọlọ́pàá ní Staines láti ní kí wọ́n ran òun lọ́wọ́. Kíndìnrín rẹ̀ méjèèjì ṣì wà lára rẹ̀.